Omi Àlùwàlá àti Ojú Tí A Ṣẹ̀ṣẹ̀ Ṣiṣẹ́ Abẹ Fún

 

Ọ̀rọ̀ tí a gbé wá lóṣù yìí kì í ṣe èyí tí a kà nínú ìwé nìkan. Ó ṣẹlẹ̀ lójú wa níhìn-ín ní Ẹ̀gùá, ọwọ́ àwa náà kò sì mọ́ nínú rẹ̀. A bèèrè lọ́wọ́ ìyá tó ni ojú bóyá a lè kọ ọ́. Ó ní kí a kọ ọ́, kí ẹlòmíràn má baà ṣe é, ṣùgbọ́n kí a má dárúkọ òun.

Ìyá wa kan nínú àsàláátù ni. Gààrí ni ó ń yan tà. Kátárátì, ìyẹn funfun tí í máa bo ẹyinjú àgbàlagbà, ti bo ojú rẹ̀ méjèèjì débi pé ó ti tó ọdún mẹ́ta tí ó fi ń fọwọ́ pa owó wò kí ó tó mọ̀ bóyá igba náírà ni tàbí ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta. Ọmọ rẹ̀ tó wà ní Èkó fi owó ránṣẹ́, wọ́n sì ṣe ojú ọ̀tún fún un nínú ọyẹ́. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì tí wọ́n ṣí ojú náà, ó rí àwọ̀ aṣọ nọ́ọ̀sì, ó rí ìlà àtẹ́lẹwọ́ ara rẹ̀. Ó sọ fún wa pé òun ń rẹ́rìn-ín, òun sì ń sunkún. Wọ́n fún un ní ìgò oògùn ojú méjì, ike funfun kan tí yóò máa fi bo ojú tí ó bá fẹ́ sùn, àti ìwé pélébé kan tí gbogbo ìlànà wà nínú rẹ̀ lédè òyìnbó. Ó ká ìwé náà, ó fi í sábẹ́ ìrọ̀rí.

Ní ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn àsàláátù, àwa bíi mẹ́jọ lọ kí i. Ó ní nọ́ọ̀sì sọ pé omi kò gbọ́dọ̀ kan ojú òun fún ọ̀sẹ̀ méjì, pé tàyàmámù ni òun ń ṣe láti ìgbà tí òun ti dé. Ọ̀kan nínú wa wá dáhùn pé, “Ìyá wa, omi kún inú àmù yín, ẹ sì ń fi erùpẹ̀ pa ojú? Ṣebí ẹni tí kò rómi ni wọ́n ṣe tàyàmámù fún. Ẹ má jẹ́ kí ìrun yín bàjẹ́ o.” Àwa yòókù kò sọ nǹkan kan. Àwọn mìíràn nínú wa tilẹ̀ mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Nígbà tí ó di Àsùbá ọjọ́ kejì, ìyá yọ ike ojú, ó bu omi kànga tó wà nínú àmù sínú kẹ́tù, ó sì fọ ojú rẹ̀ nígbà mẹ́ta bí ó ti ń fọ̀ ọ́ láti kékeré.

Ní òru ọjọ́rú mọ́jú ọjọ́bọ̀, ojú náà bẹ̀rẹ̀ sí í dùn ún. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó pọ́n bí ẹ̀jẹ̀, ìpéǹpéjú wú, ohun gbogbo sì dà bíi pé oruku bò ó. Ọmọ ọmọ rẹ̀ obìnrin tó wà ní ilé ìwé girama ló fa ìwé yọ lábẹ́ ìrọ̀rí, tí ó kà á, tí ó sì rí nọ́ńbà tí wọ́n ní kí wọ́n pè. Kí ó tó di ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ìyá ti padà sọ́dọ̀ dókítà. Kòkòrò ti wọ inú ẹyinjú. Abẹ́rẹ́ ni wọ́n gún sínú ojú náà gan-an, ìyá sì lò ju ọ̀sẹ̀ kan lọ níbẹ̀. Ojú náà kò fọ́, àlùhámúdúlíláhì. Ṣùgbọ́n ohun tí ó rí ní òwúrọ̀ ọjọ́ àkọ́kọ́ yẹn, kò tún rí i tó bẹ́ẹ̀ mọ́ pẹ̀lú ojú ọ̀tún.

Dókítà kò sọ pé omi wa ni. Ó ní ọ̀nà tí kòkòrò lè gbà wọlé pọ̀, àti pé a kò lè fi ọwọ́ sọ̀yà lórí ọ̀kan ṣoṣo. Àwa mọ ohun tí a sọ, a sì mọ ohun tí a kò sọ.

Kí ló wà nínú ọ̀rọ̀ náà? Nínú ẹyinjú, lẹ́yìn dúdú ojú, nǹkan kan wà tó dà bíi dígí kékeré. Òun ni ìmọ́lẹ̀ ń gbà kọjá. Bí ọjọ́ orí bá ń lọ, ó lè di kùrukùru. Òun ni kátárátì. Kò sí oògùn jíjẹ, kò sí àgbo, kò sí oògùn kíkán tí yóò mú un kúrò. Iṣẹ́ abẹ nìkan ni. Dókítà yóò la ojúlé tín-ín-rín kan sí etí ẹyinjú, yóò yọ dígí tó ti bàjẹ́, yóò sì fi dígí àtọwọ́dá rọ́pò rẹ̀. Ohun tí ọ̀pọ̀ nínú wa kò mọ̀ ni pé wọn kì í sábà rán ojúlé náà. Bí wọ́n ṣe là á ni yóò fi pa ara rẹ̀ dé, ètè rẹ̀ yóò lẹ̀ mọ́ra wọn, yóò sì máa jinná díẹ̀díẹ̀. Ní ọjọ́ mélòó kan àkọ́kọ́, ilẹ̀kùn tí a pa dé tí a kò tì ni. Ẹni tó bá fi ọwọ́ ra ojú náà, tó tẹ̀ ẹ́, tàbí tó da omi lù ú, ó ń kan ilẹ̀kùn yẹn.

Omi tó mọ́ lójú kò túmọ̀ sí pé kò ní kòkòrò nínú. Omi kànga, omi òjò, omi ẹ̀rọ, omi tí ó sùn mọ́jú nínú kẹ́tù àlùwàlá, gbogbo wọn ló lè ní ohun tí ojú kò rí. Ara tó ní awọ lè gbà á, inú ẹyinjú kò lè gbà á. Èyí kan omi Sámúsámù náà, ó sì kan omi wàláà tí àáfà fọ. Ẹ mu wọ́n, kí Ọlọ́hun gba àdúà, ṣùgbọ́n ẹ má kán wọn sínú ojú tí ọgbẹ́ wà. Omi ọmú, omi ṣúgà, ìtọ̀ àti omi ewé kò yẹ kí a tún máa sọ̀rọ̀ wọn mọ́ láyé òde òní, àmọ́ a mọ ilé tí wọ́n ṣì ti ń ṣe é.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti èèyàn kan. Nígbà tí wọ́n ṣe ìwádìí ojú káàkiri Nàìjíríà láàárín 2005 sí 2007, nínú gbogbo 100 èèyàn tó ti lé ní ẹni 40 ọdún, 4 àti díẹ̀ ló fọ́jú, kátárátì ló sì fa 43 nínú 100 ìfọ́jú bẹ́ẹ̀. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí agbo ilé ní Yewa tí kò ní bàbá tàbí ìyá kan tí yóò nílò iṣẹ́ abẹ yìí. Àwọn tó ń lọ sí Ìdí-Abà ní Abẹ́òkúta, sí UCH ní Ìbàdàn tàbí sí LUTH ní Ìdí-Àràbà, ilé ni wọn yóò padà sí, inú ilé sì ni ojú náà yóò ti jinná tàbí kí ó bàjẹ́.

Ní ti ẹ̀sìn, àṣìṣe tí a ṣe kì í ṣe tuntun. Ó ti ṣẹlẹ̀ láyé Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a). Hádíìsì kan wà nínú ìwé Abu Dawud láti ọ̀dọ̀ Jabir, nípa ọkùnrin kan tí òkúta bà lórí nígbà ìrìn àjò, tí orí rẹ̀ sì là. Ìwẹ̀ jánábà wá di dandan fún un. Ó bi àwọn tó wà pẹ̀lú rẹ̀ bóyá ìrọ̀rùn wà fún òun. Wọ́n ní kò sí, níwọ̀n ìgbà tí omi wà. Ọkùnrin náà wẹ̀, ó sì kú. Nígbà tí ọ̀rọ̀ dé etí Ànábì, inú bí i gidigidi sí àwọn tó dá a lóhùn. Ó bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn kò bèèrè nígbà tí wọn kò mọ̀. Ẹ wo bí ó ti jọra: omi wà nítòsí, ọgbẹ́ wà lórí, àwọn onífẹ̀ẹ́ rere tí kò mọ̀ sì jókòó yí aláìsàn ká, wọ́n ń dáhùn.

Nígbà tí a gbé ọ̀rọ̀ náà tọ àáfà wa lọ lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀ yẹn, ohun tí ó fi hàn wá yà wá lẹ́nu. Iṣẹ́ abẹ ojú kì í ṣe ohun tí àwọn onímọ̀ wa kò gbọ́ rí. Nínú Mukhtasar tí Khalil ọmọ Ishaq kọ ní Íjíbítì ní ọ̀rúndún kẹrìnlá, ìwé tí àwọn ilé kéú ńláńlá nílẹ̀ wa ti ń kà láti ìran dé ìran, ọ̀rọ̀ wà níbẹ̀ lórí ẹni tí wọ́n tọ́jú ojú rẹ̀ tí kò lè kírun bí ó ti yẹ. Wọ́n gbà pé ìtọ́jú tí yóò mú ènìyàn jókòó kírun tọ́. Lórí èyí tí yóò mú un dùbúlẹ̀ gbalaja kírun ni àríyànjiyàn wà, àwọn kan ní yóò tún un kí, àwọn kan sì ní àwáwí rẹ̀ tọ̀nà. Nígbà yẹn, abẹ́rẹ́ ni wọ́n fi ń ti kátárátì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan nínú ojú, aláìsàn sì lè dùbúlẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọjọ́. Ti òde òní rọrùn jù bẹ́ẹ̀ lọ fíìfíì. Bí àwọn àgbà onímọ̀ bá lè jókòó ro ti ìgbà yẹn, kí ni àwa ń fi tiwa le koko sí?

Oṣù mẹ́wàá lẹ́yìn náà, ìyá gbà kí wọ́n ṣe ojú òsì. Ẹ̀rù bà á, kò sì sẹ́ni tó lè dá a lẹ́bi. Lọ́tẹ̀ yìí, kí ó tó lọ rárá ni àáfà ti bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀, tí ó sì ní kí wọ́n bi dókítà ní ìbéèrè tó ṣe pàtó: ibo gan-an ni omi kò gbọ́dọ̀ dé, fún ọjọ́ mélòó, ṣé ó lè tẹ̀ ba, ṣé ó lè forí kanlẹ̀, ìgbà wo? Dókítà kò rẹ́rìn-ín, kò sì bínú. Ó kọ èsì rẹ̀ sínú ìwé. Ọmọ ọmọ rẹ̀ túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá, wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri.

Ọ̀sẹ̀ méjì ni wọ́n ní omi kò gbọ́dọ̀ kan ojú náà. Ọ̀pọ̀ dókítà máa ń sọ ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, ti dókítà yín ni kí ẹ tẹ̀ lé, nítorí ojúlé tí wọ́n là fún ẹnìkan lè tóbi ju ti ẹnìkejì. Fún àlùwàlá, orí àga ni ìyá ń jókòó sí, ẹlòmíràn ni yóò máa da omi sí i lọ́wọ́, kí ó má baà tẹ̀ ba. Yóò fọ ọwọ́, yóò yọ ẹnu, yóò fi omi díẹ̀ kan imú láì fà á kíkankíkan. Yóò fi ọwọ́ tútù fọ ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti àgbọ̀n, ní ìsàlẹ̀ níbi tí omi kò ti lè gùnkè. Fún iwájú orí, aṣọ mímọ́ tí wọ́n ti fún gbẹ ni, nítorí omi tó bá ṣàn láti iwájú orí, inú ojú ni ọ̀nà rẹ̀. Lágbègbè ojú náà, ọwọ́ tí ó kàn rin díẹ̀ ni yóò fi pa orí ike tó bo ojú lẹ́ẹ̀kan. Ẹ kíyè sí ọ̀rọ̀ “rin díẹ̀” yẹn, torí ike náà ní ihò wẹ́wẹ́ tí omi lè gbà wọlé. Lẹ́yìn náà, apá, orí, etí àti ẹsẹ̀, bí ti tẹ́lẹ̀. Ohun tí àáfà sọ fún wa ni pé bí fífọ oríkèé kan bá máa pa ènìyàn lára, pípa á dípò rẹ̀. Bí pípa awọ ara gan-an bá léwu, kí a pa orí ohun tí a fi dì í. Nínú gbogbo rẹ̀, a kò kúkú pàṣẹ pé kí ẹnikẹ́ni fọ inú ẹyinjú nínú àlùwàlá rí.

Àwọn ọjọ́ kan wà tí kò sẹ́nìkan nílé tó lè bá ìyá da omi. Ní ọjọ́ bẹ́ẹ̀, ó ṣe tàyàmámù. Níbí ni a ti rí ohun tí a kò ronú kàn rí. Ẹ mọ ilẹ̀ wa. Nínú ọyẹ́, bí ọkọ̀ kan ṣoṣo bá kọjá lọ́nà Ìgan Aládé, ewé ẹ̀gbẹ́ títì á pọ́n. Ẹni tó bá fi ọwọ́ lu irú erùpẹ̀ bẹ́ẹ̀, tó sì fi pa ojú tó lọ́gbẹ́, ó ti gbé omi kúrò, ó ti fi eruku dípò. Eruku kò sàn ju omi lọ fún ojú yẹn. Ànábì fúnra rẹ̀, nígbà tí ó ń fi tàyàmámù han Ammar ọmọ Yasir, fẹ́ ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì lẹ́yìn tí ó lu ilẹ̀, kí ó tó fi pa ojú. Nínú ìlànà Màlíkì, òkúta náà tó fún tàyàmámù, kò dandan kí eruku wà lórí rẹ̀. Nítorí náà, wọ́n wá òkúta pẹlẹbẹ kan fún ìyá, wọ́n fọ̀ ọ́, wọ́n sá a gbẹ, wọ́n sì ń fi í sínú abọ́ tó ní ìdérí. Yóò kan án, yóò gbọn ọwọ́, yóò pa ojú rẹ̀ dé, yóò sì rọra fọwọ́ pa ojú rẹ̀ láì tẹ ẹyinjú.

Orí àga náà ni ó ti ń kírun. Wọ́n ní kí ó má forí kanlẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, nítorí bí orí bá lọ sílẹ̀, ìfúnpá inú ojú á ga, ojúlé náà kò sì tíì lágbára. Ó ń tẹ orí díẹ̀ fún rúkúù, ó ń tẹ̀ ẹ́ díẹ̀ sí i fún ìforíkanlẹ̀. Imran ọmọ Husayn (kí Ọlọ́hun yọ́nú sí i) ní àìsàn jẹ̀díjẹ̀dí, ó sì bi Ànábì bí òun yóò ṣe máa kírun. Èsì tí ó gbà, tó wà nínú Bukhari, ni pé kí ó dúró; bí kò bá lè dúró kí ó jókòó; bí kò bá lè jókòó kí ó fẹ̀gbẹ́ lélẹ̀. Ìyá sọ fún wa pé ìrun orí àga yẹn kọ́kọ́ ń ti òun lójú níwájú àwọn tó wá kí òun. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í kí i nínú yàrá.

Ìwẹ̀ kò ṣòro. Láti ọrùn lọ sísàlẹ̀, omi lè ṣàn bó ti wù ú. Bí orí bá fẹ́ fífọ̀, kí aláìsàn jókòó, kí ó gbé orí sẹ́yìn gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti ń ṣe ní ṣọ́ọ̀bù onírun, kí ẹlòmíràn máa da omi láti iwájú lọ sẹ́yìn, kí a fi tówẹ̀lì gbígbẹ dí iwájú orí. Ọṣẹ dúdú dára, ṣùgbọ́n ó ń ta ojú gan-an, ẹ jẹ́ kí ó sinmi. Bí ojú bá pa ìpin mọ́jú, ẹ má fi èékánná ṣí i. Omi tí a sè tí a jẹ́ kó tutù, òwú mímọ́, kí a fi nu ìpéǹpéjú láti ẹ̀gbẹ́ imú lọ sí ẹ̀gbẹ́ etí lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí a sọ òwú náà nù, kí a mú òmíràn. Tówẹ̀lì aláìsàn kì í ṣe tówẹ̀lì gbogbo ilé.

Nínú ọyẹ́, awọ ojú máa ń gbẹ, ó sì ń yún. Òrí kò burú fún ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti àgbọ̀n, ṣùgbọ́n kì í ṣe òrí inú igbá tí ọmọ mẹ́fà ti ki ọwọ́ bọ̀. Ẹ bu díẹ̀ tuntun sínú ike kékeré, kí ó má sì dé ìpéǹpéjú. Àtíkè kò gbọdọ̀ súnmọ́ ibẹ̀, tùràrí kò gbọdọ̀ rú nínú yàrá náà, àbóníkí náà kò gbọdọ̀ wà lábẹ́ imú tàbí níwájú orí. Ìpara tó ń bó awọ ara léwu ju bí a ti rò lọ: púpọ̀ nínú wọn ní oògùn kan tí wọ́n ń pè ní sítẹ́rọ́ìdì, èyí tí ó lè mú kí ìfúnpá inú ojú ga tí a bá ń fi pa ìpéǹpéjú fún ìgbà pípẹ́. Ìyá wa kò yan gààrí fún oṣù kan gbáko. Ooru iná, èéfín igi àti ọwọ́ tó ń ro gààrí kò bá ojú tuntun mu. Èyí ló dùn ún jù nínú gbogbo ohun tí wọ́n kà léèwọ̀ fún un, nítorí níbẹ̀ ni owó ọbẹ̀ ti ń wá. Ẹ̀yin ọmọ tó ń san owó iṣẹ́ abẹ fún òbí, ẹ fi owó oúnjẹ oṣù kan kún un.

Ó ku tìróò. A mọ̀ pé lílé tìróò jẹ́ ohun tí àwọn Mùsùlùmí fẹ́ràn, a kò sì bá a jà. Ṣùgbọ́n igi tìróò tó ń ti ojú kan bọ́ sí òmíràn, kòkòrò ló ń pín kiri. Yàtọ̀ sí èyí, òjé wà nínú púpọ̀ nínú èyí tí wọ́n ń tà lọ́jà. Ní 2012, àjọ ìlera CDC ti Amẹ́ríkà gbé ìròyìn ọmọ ọwọ́ kan ní Boston jáde, tí òjé pọ̀ nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ nítorí tìróò tí wọ́n mú wá láti Nàìjíríà. Nígbà tí wọ́n yẹ tìróò náà wò, òjé inú rẹ̀ ju 80 lọ nínú 100. Ojú tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣiṣẹ́ abẹ fún kò gbọdọ̀ rí i rárá, àwọn ìkókó wa náà kò sì nílò rẹ̀.

Oògùn kíkán máa ń tó oṣù kan. Kí ẹni tó fẹ́ kán an fi ọṣẹ fọ ọwọ́. Kí aláìsàn wo òkè, kí a fa ìpéǹpéjú ìsàlẹ̀ sílẹ̀ díẹ̀, kí a kán ẹ̀kán kan láì jẹ́ kí ẹnu ìgò kan ojú. Lẹ́yìn náà kí ó pa ojú dé, kí ó fi ìka mímọ́ tẹ kọ̀rọ̀ ojú lẹ́gbẹ̀ẹ́ imú fún ìṣẹ́jú kan tàbí méjì. Ihò kékeré kan wà níbẹ̀ tó lọ sí ọ̀nà ọ̀fun, òun ni ó fi jẹ́ pé a máa ń tọ́ oògùn ojú wò lẹ́nu. Èyí ló ń kó àwọn èèyàn lọ́kàn sókè nínú Rọ̀mọ̀dọ́ọ̀nù. Àwọn onímọ̀ Màlíkì kan ní bí oògùn bá dé ọ̀fun lọ́sàn-án, ààwẹ̀ bàjẹ́. Ìgbìmọ̀ Fíkì Àgbáyé tó pàdé ní Jeddah ní 1997 ní oògùn kíkán sí ojú kò ba ààwẹ̀ jẹ́. Ẹ bá àáfà yín sọ ọ́. Èyí tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ ṣe ni pé kí ó dá oògùn náà dúró títí di ìṣínu nítorí ìrọ̀rùn tí kò mọ̀ pé òun ní; aláìsàn lè jẹ ààwẹ̀ kí ó sì san án padà. Bí ojú bá ṣeé dúró dè, ẹ ṣe iṣẹ́ abẹ náà ní oṣù mìíràn.

Àwọn ọmọ wa ní Èkó àti lókè òkun máa ń bi wá nípa iṣẹ́ abẹ léésà. Oríṣi rẹ̀ pọ̀. Nínú èyí tí wọ́n ń pè ní LASIK, tí wọ́n fi ń gba ènìyàn lọ́wọ́ awò ojú, wọ́n máa ń ṣí awọ pẹlẹbẹ kan lójú ẹyinjú bí ìdérí, wọ́n á fi léésà tún abẹ́ rẹ̀ ṣe, wọ́n á sì dá ìdérí náà padà. Wọn kì í rán an. Ọwọ́ tó bá fi agbára ra ojú bẹ́ẹ̀ lè sún ìdérí náà kúrò ní àyè rẹ̀. Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan ni wọ́n sábà máa ń ní kí omi má kàn án, ohun ìṣaralóge ojú tó ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, odò àti omi ìlúwẹ̀ẹ́ sì pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Gbogbo ohun tí a sọ nípa àlùwàlá kàn án. Ṣùgbọ́n èyí tí wọ́n ń ṣe fún àwọn tí nǹkan tún bo ojú wọn lẹ́yìn tí wọ́n ti yọ kátárátì, ìṣẹ́jú díẹ̀ ni, kò dá ọgbẹ́ sí òde ojú, ẹni náà sì sábà máa ń ṣe àlùwàlá rẹ̀ bí ìṣe lọ́jọ́ náà gan-an. Kí ẹni tó ní léésà bèèrè èwo ni tòun.

Bí ojú bá ń dùn síwájú sí i dípò kí ó máa rọlẹ̀, bí ó bá tún pọ́n lẹ́yìn tí ó ti ń funfun, bí ìríran bá ń relẹ̀, bí ọyún bá ń jáde, kí ẹ gbéra lọ́jọ́ náà. Ẹ má dúró de ọjọ́ Mọ́ńdè, ẹ má sì dúró de owó. Wákàtí ni a fi ń ka irú àìsàn yẹn. Àwọn aláwàkiri tó ń ná ọjà wa, tí wọ́n ń fi abẹ́rẹ́ ti kátárátì sẹ́yìn, ẹ jìnnà sí wọn. Aláìsàn lè ríran lọ́jọ́ kejì, kí ó sì fọ́jú pátápátá lẹ́yìn oṣù díẹ̀, nígbà tí ẹni tó ti ojú ti lọ. Nínú ìwádìí tí a sọ lókè, nínú 100 ojú tí wọ́n ti ṣe nǹkan sí kátárátì wọn, ó lé ní 40 tó jẹ́ pé ọ̀nà yìí ni wọ́n gbà.

Ìyá wa ti fi ojú òsì ka Yáàsín tán fúnra rẹ̀, inú Kùránì olóńtẹ̀ ńlá tí ọmọ rẹ̀ rà fún un. Ní ọjọ́ tí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta pé tí dókítà sì gbà fún un, àsàláátù ni ó kọ́kọ́ wá. Ó bá wa forí kanlẹ̀, ó sì pẹ́ níbẹ̀ ju gbogbo wa lọ. Nígbà tí a parí, ẹni tó sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ yẹn kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀. Ìyá fa á dìde, ó ní kí ó lọ bá òun wo iná gààrí.